Ta ni àwọn Avowed ti Candlekeep, báwo sì ni àlejò ṣe ń wọlé síbẹ̀?

Candlekeep jẹ́ ilé ìkówèésí olódi lórí àpáta létí òkun, ní Sword Coast, nínú ayé Forgotten Realms tí wọ́n fi ń gbá géèmù Dungeons & Dragons. Avowed ni ẹgbẹ́ tó ń ṣọ́ ọ: ọ̀mọ̀wé ni wọ́n, ọ̀pọ̀ wọn sì mọ idán pípa. Keeper of Tomes ni olórí, First Reader tẹ̀ lé e, lẹ́yìn náà àwọn Great Reader tí wọn kì í ju 8 lọ. Àwọn Scribe ló ń da ìwé kọ, àwọn Acolyte sì ni ọmọṣẹ́.

Wọn kì í gba owó lẹ́nu géètì, ìwé ni wọ́n ń gbà, ó sì gbọ́dọ̀ jẹ́ èyí tí wọn ò tíì ní. Ibẹ̀ ni nǹkan ti máa ń dojú rú: ẹ lè gbé ìwé olówó gọbọi dé, kí ẹ̀dà rẹ̀ ti wà nílẹ̀, kí wọ́n sì dá yín padà. Lójú tèmi, ìwé àkọsílẹ̀ ojoojúmọ́ arìnrìn-àjò kan tó ti kú ló dáa jù, kódà kó ti gbó, torí kò lè ní ẹ̀dà.

Ẹ má ba ìwé jẹ́ o. Ikú ni ìjìyà rẹ̀.

Orin tí ẹ máa gbọ́ nínú ọgbà láìdáwọ́dúró, àwọn àsọtẹ́lẹ̀ aríran kan tó ń jẹ́ Alaundo, èyí tí kò tíì ṣẹ, ni àwọn Avowed ń kọ, bí arọ́kin Ọ̀yọ́ ṣe ń ké ìtàn ọba. Géèmù Baldur's Gate ti 1998 bẹ̀rẹ̀ níbẹ̀.