Mo gba tíráńsífà: ṣé iṣẹ́ mi ti padà di tuntun ni?

Ìbéèrè: Ẹ̀gbọ́n, ẹ kú iṣẹ́ o. Ìjọba ìbílẹ̀ kan ní Ògbómọ̀ṣọ́ ni mo ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní oṣù kẹfà ọdún 2018. Wọ́n fi iṣẹ́ mi múlẹ̀ ní 2020, mo sì bọ́ sí ìpele 8 ní ọjọ́ kìíní oṣù kìíní ọdún 2022. Ní oṣù kẹta 2024, mo gba tíráńsífà lọ sí iléeṣẹ́ ìjọba ìpínlẹ̀ kan n'Ìbàdàn. Akọ̀wé tó ń tọ́jú fáìlì wa ní kí n tún bẹ̀rẹ̀ ọdún méjì ìdánwò. Ó ní ẹni tó dé ìpele 8 ní 2023 pàápàá ti di ọ̀gá mi. Ṣé bẹ́ẹ̀ ni òfin wí?

Ìdáhùn: Àbúrò mi, o káre tí o bèèrè kó tó pẹ́ jù. Ọ̀rọ̀ méjì ni wọ́n dà pọ̀ mọ́ra wọn fún ọ, ìdáhùn wọn kò sì rí bákan náà.

Ọdún méjì ìdánwò wà fún ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ wọṣẹ́ ìjọba, kí wọ́n lè mọ̀ bóyá ó mọṣẹ́ àti bóyá ìwà rẹ̀ bá iṣẹ́ mu. Ìwọ ti la èyí já ní 2020. Bí iṣẹ́ rẹ kò bá ti já láàárín, lẹ́tà ìfìdímúlẹ̀ yẹn bá ọ dé Ìbàdàn ni. Kódà, ẹni tí kò tíì parí ọdún méjì tirẹ̀, ìwé òfin iṣẹ́ ìjọba àpapọ̀, èyí tí ti àwọn ìpínlẹ̀ sábà máa ń jọ, gbà kí wọ́n bá a yọ àkókò tó ti lò dáadáa nínú irú iṣẹ́ kan náà, bí èyí tó kù kò bá ṣáà ti dín sí oṣù mẹ́fà. Bí wọ́n bá ń ṣe ìyẹn fún ẹni tó ṣì wà lójú ọ̀nà, kí ni ẹni tó ti délé tún ń wá lọ sójú ọ̀nà?

Fáìlì rẹ ni mo fura sí. Mo ti ṣí irú rẹ̀ rí: lẹ́tà ìgbàsíṣẹ́ wà níbẹ̀, fọ́ọ̀mù ìsinmi wà níbẹ̀, ìwé ẹ̀rí pé pérépéré. Lẹ́tà ìfìdímúlẹ̀ nìkan ni kò sí. Èérún bébà kékeré ló kù lára okùn fáìlì níbi tí wọ́n ti fà á ya. Akọ̀wé tí kò bá rí lẹ́tà yóò kà ọ́ sí ẹni tuntun ni, ohun tó wà níwájú rẹ̀ ló ń kà.

Ọ̀rọ̀ ta ni ọ̀gá ló le, mi ò sì ní tàn ọ́. Ṣé o mọ bí a ṣe ń mọ ìyáálé nínú agboolé? Ọjọ́ tí ìyàwó wọlé là ń wò, a kì í wo ọjọ́ orí rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ náà ni iṣẹ́ ìjọba: ọjọ́ tí òṣìṣẹ́ wọ ìpele kan la fi ń mọ àgbà níbẹ̀. Ká ní láti iléeṣẹ́ kan ní Agodi, níbi tí àwọn ọ́fíìsì ìjọba ìpínlẹ̀ wà n'Ìbàdàn, ni wọ́n ti gbé ọ lọ sí òmíràn, lórí iṣẹ́ kan náà, agboolé kan ṣoṣo ni, ọjọ́ rẹ kò yí padà. Ṣùgbọ́n àjọ ọ̀tọ̀ ló ń rí sí òṣìṣẹ́ ìjọba ìbílẹ̀, ọ̀tọ̀ ni ti ìpínlẹ̀. Agboolé míì lo wọ̀. Ọ̀pọ̀ lẹ́tà tíráńsífà tó ti kọjá lọ́wọ́ mi ló sọ pé ẹ̀yìn àwọn tó ti wà lórí ìpele náà ni ẹni tó ń bọ̀ yóò tò sí. Tún tìrẹ kà, pàápàá ìlà tí wọ́n ti kọ ọjọ́ tí yóò bẹ̀rẹ̀. Bí o bá ti fọwọ́ sí irú gbólóhùn bẹ́ẹ̀, yóò ṣòro láti bá ẹni yẹn jà.

Má ṣe tìtorí ìyẹn sọkún, nítorí owó ló yẹ kí o máa ṣọ́. Láti ìpele 7 dé 14, ọdún mẹ́ta ni èèyàn gbọ́dọ̀ lò kí ìgbéga tó kàn án. Bí wọ́n bá ka 2022 fún ọ, oṣù kìíní 2025 ló kàn ọ́. Bí wọ́n bá kà á láti oṣù kẹta 2024, ó di 2027. Èyí ni kí o ní kí wọ́n kọ sílẹ̀ fún ọ.

Ọdún tí wọn yóò ti bẹ̀rẹ̀ sí í ṣírò ìfẹ̀yìntì rẹ kò kúrò ní 2018: ọdún 35 lẹ́nu iṣẹ́ tàbí ọgọ́ta ọdún láyé, èyí tó bá kọ́kọ́ pé. Àfi bí iṣẹ́ bá já. Mo mọ obìnrin kan tó rò pé ọ̀kan náà ni tíráńsífà àti kíkọ̀wé fiṣẹ́ sílẹ̀. Ó kọ̀wé fiṣẹ́ sílẹ̀, ọjọ́ kẹsàn-án ló gba lẹ́tà iṣẹ́ tuntun. Nígbà tí wọ́n ń ṣírò owó ìfẹ̀yìntì rẹ̀, ọdún mọ́kànlá àkọ́kọ́ ti wọmi. Inú mi ṣì ń bàjẹ́ tí mo bá rántí rẹ̀. Nítorí náà, wo ọjọ́ tí ìjọba ìbílẹ̀ kọ sínú lẹ́tà tí wọ́n fi yọ̀ǹda rẹ àti ọjọ́ tí o wọlé ní Ìbàdàn. Kò gbọdọ̀ sí àlàfo láàárín méjèèjì.

Lọ sí Ògbómọ̀ṣọ́ lọ́sẹ̀ yìí, gba ẹ̀dà lẹ́tà ìfìdímúlẹ̀ àti ti ìgbéga 2022, kí ọ̀gá ibẹ̀ lu òǹtẹ̀ sí i. So wọ́n mọ́ lẹ́tà kan tí o kọ sí àjọ òṣìṣẹ́ ìjọba ìpínlẹ̀, ṣùgbọ́n jẹ́ kó gba ọ̀dọ̀ akọ̀wé àgbà iléeṣẹ́ rẹ kọjá. Kí wọ́n buwọ́ lu ẹ̀dà tìrẹ, kí wọ́n kọ ọjọ́ sí i, kí o sì mú un lọ sílé.