Èsì: Kí ló dé tí wọ́n ń sáré tó báyìí nínú fíìmù aláìlóhùn?

Ẹ̀gbọ́n, fóònù yín ò bàjẹ́. Eré tí wọ́n fi gbé fíìmù Kid Auto Races at Venice (1914) tẹ́ ẹ béèrè nípa rẹ̀ jáde ló pọ̀jù. Ẹ lọ síbi tí wọ́n ti ń dín eré fídíò kù, ẹ fà á wá sí 0.75, ìrìn Charlie Chaplin, aláwàdà inú rẹ̀, á balẹ̀.

Ọwọ́ ni wọ́n fi ń yí kámẹ́rà nígbà náà, bí àwòrán 16 sí 20 ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Nígbà tí fíìmù olóhùn dé, ó di 24. Ẹni tó bá fi 24 gbé ti àtijọ́ jáde, gbogbo wọn á di ìjàlọ.

Àmọ́ ẹ̀dà tí wọn ò tíì tún eré rẹ̀ ṣe nìkan lèyí wà fún. Láti mọ̀, ẹ má wo Chaplin, èrò ẹ̀yìn ni kẹ́ ẹ wò. Nínú fíìmù tẹ́ ẹ béèrè nípa rẹ̀ yìí, òǹwòran gidi ló pọ̀ níbẹ̀, wọn kì í ṣe òṣèré. Bí ẹsẹ̀ tiwọn náà bá ń já ṣàìṣàì, ẹ dín in kù.

Ẹ má bọ́ sí 0.5 o! Àwọn ará Keystone, ilé iṣẹ́ tó ṣe fíìmù náà, a máa mọ̀ọ́mọ̀ fi ọwọ́ lílọ́ra yí kámẹ́rà kí ìlépa ọlọ́pàá inú àwọn fíìmù wọn lè yá. Bí wọ́n ṣe fẹ́ ẹ nìyẹn.