Èsì: «He'll Have to Go» ti Jim Reeves

Àbúrò, o ní ṣé àwọn bàbá wa nìkan ló fẹ́ràn orin yìí ni. Rárá o! Ẹ̀yìn àwo ni wọ́n fi í sí lọ́dún 1959, àwọn sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀ orí rédíò ló yí àwo náà padà, tí wọ́n ń gbé orin ẹ̀yìn náà sáfẹ́fẹ́. Ní 1960, ọ̀sẹ̀ 14 ló fi wà nípò kìíní láàárín orin kọ́ńtírì ní Amẹ́ríkà.

Nínú orin náà, ọkùnrin kan ló ń bẹ olólùfẹ́ rẹ̀ lórí fóònù. Jim Reeves sún mọ́ máíkì, ó rọra ń kọ ọ́ bí ẹni ń sọ̀rọ̀ sí ọ létí. Ohùn yẹn ló mú wa. Nílé wa, bí bàbá mi bá ti gbé e sí i láàárọ̀ ọjọ́ Àìkú, ìyá mi gan-an á rọra gbé ìkòkò kalẹ̀.