Ẹ Bi Màmá Tíṣà: Ìfẹ́, Àdììtú àti Àìsàn Nínú Ìwé Ìtàn Ayé Àtijọ́

Láti ìgbà tí mo ti sọ lójú ewé yìí pé kí ẹni tó bá ń kọ ìwé ìtàn ayé àwọn bàbá ńlá wa fi ìṣòro rẹ̀ ránṣẹ́, lẹ́tà ò jẹ́ kí n gbádùn mọ́ ní Ẹ̀pẹ́ níbí. Ẹ sì fẹ́ràn kí ènìyàn ṣàìsàn nínú ìwé yín o! Mo mú márùn-ún. Àwọn tó kù, ẹ ṣe sùúrù.

Ìbéèrè: Màmá Tíṣà, ẹ kú ojúmọ́ o. Ìwé tí mò ń kọ, ní 1918 ló ṣẹlẹ̀. Àbẹ̀kẹ́, ọmọge tí wọ́n fẹ́ gbé níyàwó, kú láàárín ọjọ́ mẹ́ta. Gbogbo ènìyàn ní wọ́n fún un ní májèlé jẹ ni. Dókítà kan wá láti Èkó, ó yẹ ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ wò, ó sì rí fáírọ́ọ̀sì níbẹ̀. Ọ̀rẹ́ mi ní kò lè rí bẹ́ẹ̀. Ta ló jàre? (Ọmọ Etí Ọ̀sà, Ẹ̀pẹ́)

Ìdáhùn: Ọ̀rẹ́ rẹ ló jàre, ọmọ mi. Ní 1918, kò sí dókítà kan, yálà ní Èkó tàbí ní Lọ́ńdọ̀nù, tó mọ ohun tó ń fa ọ̀fìnkìn apanirun (influenza) tó jà káàkiri ayé lọ́dún yẹn, èyí tó jọ pé òun ló pa Àbẹ̀kẹ́ rẹ. Kòkòrò mìíràn ni wọ́n di ẹ̀bi rù. 1933 ni wọ́n tó rí fáírọ́ọ̀sì rẹ̀ lára ènìyàn. Ẹ̀rọ tí àwọn dókítà ń fi wo kòkòrò nígbà náà ò tilẹ̀ lè fi í hàn, ó kéré jù.

Yọ dókítà yẹn kúrò. Wàá rí i pé ìgbà náà gan-an ni ìtàn rẹ á ṣẹ̀ṣẹ̀ máa dùn. Ọkọ̀ òkun ló gbé àrùn yìí wọ Èkó ní oṣù kẹsàn-án 1918, nígbà tí Ogun Àgbáyé Kìíní ń parí lọ, tí ilẹ̀ Ẹ̀gbá sì ṣẹ̀ṣẹ̀ ń mí lẹ́yìn ogun Adùbí, ọ̀tẹ̀ tí wọ́n bá ìjọba Gẹ̀ẹ́sì dì. Àwọn wolé-wolé ń wọ ojúlé dé ojúlé l'Ékòó, àwọn ènìyàn ń sá fún wọn, wọ́n sì ń gbé àrùn náà sá lọ. Ó bá rélùwéè wọ ìgbèríko, ó bá ọkọ̀ ojú omi gba orí ọ̀sà. Àwọn òpìtàn fojú bù ú pé nǹkan bí ìdajì mílíọ̀nù ènìyàn ló bá a lọ ní Nàìjíríà. Gbogbo èyí, gbólóhùn méjì ti tó o nínú ìwé rẹ.

Ohun tí o gbọ́dọ̀ dì mú ṣinṣin ni irú ẹni tó ń pa. Ọ̀fìnkìn tí a mọ̀, arúgbó àti ọmọ ọwọ́ ló máa ń mú lọ. Ti 1918 yàtọ̀: àwọn géńdé àti ọmọge, láti nǹkan bí ọmọ ogún ọdún sí ogójì, ló ń kó lọ jù. Ìyá àgbà tó ti ń wúkọ́ láti èṣí á dìde, á ní kí wọ́n fún òun ní ẹ̀kọ gbígbóná. Àbẹ̀kẹ́ tó ru agbọ̀n ẹja gbígbẹ lọ sí etí omi láàárọ̀ ọjọ́ Ajé, ilẹ̀ Ọjọ́bọ̀ kò ní mọ́ bá a. Ẹ̀jẹ̀ á máa dà nímú rẹ̀. Ètè àti èékánná rẹ̀ á dúdú bí ẹni pé wọ́n kì wọ́n bọ inú aró. Ta ló máa rí ìyẹn tí kò ní wo ojú ìyáálé ilé wọn?

Àdììtú rẹ rèé. Òǹkàwé òde òní á ti mọ̀ pé àrùn ni, àwọn ará ilé Àbẹ̀kẹ́ ò mọ̀. Má wá jẹ́ kí ẹnikẹ́ni là wọ́n lójú. Jẹ́ kí á máa wo ìyáálé tí kò mọwọ́mẹsẹ̀, bí wọ́n ṣe ń bá a yan odì, tí ọmọ kankan ò gba oúnjẹ lọ́wọ́ rẹ̀ mọ́, títí òun náà á fi bẹ̀rẹ̀ sí í wúkọ́.

Ìfẹ́ ńkọ́? Lọ́dún yẹn kan náà, ní ìjọ St. Saviour's ní Ìjẹ̀bú-Òde, àwọn kan ń péjọ gbàdúrà nítorí àrùn náà. Obìnrin kan láàárín wọn, Sophia Ọdúnlámì, tí àìsàn náà ti ṣe òun fúnra rẹ̀, ní òun gbọ́ ohùn kan pé omi òjò ni kí wọ́n máa lò. Àwọn ni a wá mọ̀ sí Ẹgbẹ́ Òkúta Iyebíye, lára wọn sì ni Aládùúrà ti gbilẹ̀. Irú ìròyìn bẹ́ẹ̀ kò ní pẹ́ dé ọjà Èjìnrìn, láti Èjìnrìn dé Ẹ̀pẹ́ kò sì tó nǹkan lójú omi. Jẹ́ kí àfẹ́sọ́nà Àbẹ̀kẹ́ gbọ́ ọ. Kí ó jẹ́ ọmọ Mùsùlùmí ní Èkó Ẹ̀pẹ́, àdúgbò àwọn ará Èkó ní Ẹ̀pẹ́ níbí, kí ọ̀rọ̀ náà nira fún un díẹ̀. Bí o bá wá fi àìsàn náà sí ìparí oṣù kọkànlá, tí òjò ti ń palẹ̀ mọ́, ọmọkùnrin yẹn á gbé abọ́ síta, á máa wojú ọ̀run. Mi ò ní sọ jù bẹ́ẹ̀ lọ, ìwọ lo ni ìwé.

Ìbéèrè: Tíṣà, ẹ kú iṣẹ́ o. Mo ti lé ní ọgọ́rin ọdún. Gbogbo ìwé ìtàn tí ọmọ-ọmọ mi ń kà fún mi, àwòrò Ṣànpọ̀nná, òrìṣà ìgbóná, ló máa ń jẹ́ ọ̀daràn, dókítà ló máa ń jẹ́ akíkanjú. Ṣé kò tíì sú wọn ni? (Bàbá Àgbádárìgì)

Ìdáhùn: Ó ti sú èmi náà, Bàbá. Bẹ́ẹ̀ ìlú tí mo ti ń kọ̀wé sí yín yìí ni ọ̀kan lára irú ìtàn bẹ́ẹ̀ ti ṣẹlẹ̀ lójúkojú. Ní 1897, ìgbóná ń jà ní Ẹ̀pẹ́. Dókítà tí ìjọba rán wá ni Ògúntọ́lá Sàpárà, ọmọ Yorùbá tí wọ́n bí sí Freetown, tó kẹ́kọ̀ọ́ ìṣègùn nílùú òyìnbó, tó sì bọ́ orúkọ Williams tí wọ́n ń pè é tẹ́lẹ̀ sílẹ̀. Aṣọ ìbílẹ̀ ló ń wọ̀, ó sì ka ewé àti egbò sí. Ó fura sí àwọn olùsìn Ṣànpọ̀nná. Kò kó ọlọ́pàá lọ bá wọn o, ńṣe ló yọ́ wọ inú ẹgbẹ́ wọn, ó di ọ̀kan nínú wọn. Ohun tó bá níbẹ̀ ni pé wọ́n ń ha èépá ara aláìsàn, wọ́n sì ń fi í ran ẹlòmíràn. Ẹrù ẹni tí ìgbóná bá sì pa, àwòrò ló ń kó o. Ìròyìn tí Sàpárà mú jáde wà lára ohun tó mú kí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ṣòfin tó ka ìsìn náà léèwọ̀ ní ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rúndún tó kọjá.

Òǹkọ̀wé tó ń wá ọ̀daràn àti akíkanjú á ti rí tirẹ̀ mú níbẹ̀ yẹn, á lọ sùn. Èmi ò ní lọ sùn. Ẹni tó wọ awo, tó bá wọn jẹ, tó bá wọn mu, tó wá jáde lọ tú u fún ìjọba, kí ló ń bá ọkàn rẹ̀ sọ lóru? Àwòrò náà ńkọ́? Kì í ṣe gbogbo wọn ni ẹrù òkú ń wọ̀ lójú. Àwọn kan gbà tọkàntọkàn pé Ọba, ìyẹn Ṣànpọ̀nná, ló ń pa, pé ọpẹ́ ni kí á máa dá. Alápadúpẹ́ kúkú ni wọ́n ń kì í. Ìyá tí ọmọ rẹ̀ kú kò gbọdọ̀ ké síta. Ká ní mo ṣì lágbára ìwé kíkọ ni, irú ìyá bẹ́ẹ̀ ni mo máa fi sáàárín dókítà àti àwòrò, kí àwòrò yẹn sì jẹ́ ẹni tí ó fẹ́ fẹ́ nígbà èwe, tí àwọn òbí ò gbà. Ọ̀dọ̀ ta ni ó máa mú ọmọ kejì lọ nígbà tí ara rẹ̀ bá gbóná?

Ẹ bá mi sọ fún àwọn ọmọ-ọmọ yín tó ń kọ̀wé pé kí wọ́n má jẹ́ kí ará ìgbà náà máa pe òrìṣà yìí lórúkọ ní gbangba. Olóde ni wọ́n á pè é. Kí wọ́n sì fi àpá ìgbóná sí ojú àwọn ènìyàn inú ìwé, ó wọ́pọ̀ nígbà náà. 1980 ni wọ́n tó kéde pé àrùn náà ti kásẹ̀ nílẹ̀ láyé.

Ìbéèrè: Ẹ káàárọ̀ Màmá. Àkànní tèmi ní ikọ́ ife ní 1925, dókítà gún un lábẹ́rẹ́, ó sàn, ó fẹ́ Ṣadé. Lẹ́tà ni Ṣadé fi ń bá a sọ̀rọ̀ ìfẹ́. Ẹ bá mi wò ó. (Ìyá Ìbejì, Ìkòròdú)

Ìdáhùn: Abẹ́rẹ́ wo, Ìyá Ìbejì? 1943 ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ rí streptomycin, oògùn àkọ́kọ́ tó rí ikọ́ ife gbé ṣe. Ní 1925, ìsinmi, oúnjẹ gidi, àgbo àti àdúrà ni. Àkànní lè sàn, àwọn kan ń sàn, ṣùgbọ́n àwo rẹ̀ á ti wà lọ́tọ̀, ìyá Ṣadé á sì ti gbọ́ ikọ́ náà láti ẹ̀yìnkùlé.

Ní ti lẹ́tà, ta ló kọ́ Ṣadé ní mọ̀ọ́kọ-mọ̀ọ́kà? Bí kò bá lọ sílé ìwé mísọ́nnì, alárenà ń bẹ. Ó lè sín owó ẹyọ mẹ́fà sí okùn ránṣẹ́, Àkànní á mọ̀ pé ọkàn rẹ̀ fà sí òun. Tàbí kí ó sanwó fún akọ̀wé tó ń bá ènìyàn kọ lẹ́tà. Èyí ni mo fẹ́ràn jù, torí akọ̀wé yẹn á mọ àṣírí àwọn méjèèjì, ó sì lè máa fi ti ara rẹ̀ kún un.

Ìbéèrè: Mo kọ náírà mẹ́wàá fún owó orí ìyàwó ní 1910. Ṣé kò pọ̀ jù? (Akẹ́kọ̀ọ́, Ẹ̀pẹ́)

Ìdáhùn: Pa á rẹ́. 1973 ni náírà dé! Pọ́n-ùn, ṣílè, sísì, tọ́rọ́ àti kọ́bọ̀ ni kí o lò. Ànínì oníhò ti wà láti 1907, okùn ni wọ́n ń kì bọ ihò rẹ̀ tí wọ́n bá fẹ́ kó o jọ. Owó bébà kò dé títí di 1916, ọ̀pọ̀ ènìyàn ò sì kọ́kọ́ fọkàn tán an.

Ìbéèrè: Màmá, báwo ni mo ṣe lè mú kí àwọn ènìyàn inú ìwé mi sọ̀rọ̀ bí ará ìgbà náà? Òwe ni mò ń fi sí i, síbẹ̀ kò dùn. (Alákọ̀wé, Ìkòròdú)

Ìdáhùn: Dín òwe yẹn kù ná. Kò sí ẹni tó ń pòwe ní gbogbo ìgbà tó bá la ẹnu, àní nílé bàbá mi tí àgbà pọ̀ sí.

Láti 1929 wọ 1930, I. B. Thomas, olóòtú ìwé ìròyìn Akéde Èkó, ń tẹ lẹ́tà obìnrin kan jáde díẹ̀díẹ̀. Sẹ̀gilọlá lorúkọ rẹ̀, ó ti fi ẹwà jayé l'Ékòó, àìsàn wá dá a dùbúlẹ̀, ó ń rántí àwọn ọkùnrin tó ti bá pàdé. Thomas fúnra rẹ̀ ló ń kọ ọ́, síbẹ̀ ọ̀pọ̀ òǹkàwé gbà pé obìnrin náà ń bẹ láàyè. Wò ó bí ó ṣe ń dárúkọ àdúgbò, bí ó ṣe ń dá orin ìgbà náà, bí ẹsẹ Bíbélì ṣe ń yọ lẹ́nu rẹ̀ láìròtẹ́lẹ̀. Àdúgbò, orin, ẹsẹ Bíbélì: òwe nìkan kọ́. Wọ́n tún ọ̀rọ̀ Yorùbá rẹ̀ tẹ̀ jáde ní 2012 pẹ̀lú ìtumọ̀ sí Gẹ̀ẹ́sì. Bí apá rẹ ò bá ká a láti rà, lọ bẹ àwọn tó ń ṣọ́ ilé ìkàwé yunifásítì. Bí wọ́n bá lé ọ, padà lọ lọ́jọ́ kejì.