Ẹ sọ fún un kó má sáré: kúárì kì í ṣe ìmìtìtì ilẹ̀

Màmá, ẹ kú àníyàn ọmọ. Ẹ ní àbúrò mi ti rí ilé-ìwé gíga wọ̀ ní Tọ́kì, ẹ̀rù ìmìtìtì ilẹ̀ sì ń bà yín, àmọ́ òun ní kẹ́ ẹ fọkàn balẹ̀, pé ó pẹ́ tí kúárì ti ń mi ilé yín ní Ọ̀bà-Ilé lẹ́bàá Àkúrẹ́, ó ti mọ́ òun lára. Ọ̀rọ̀ yẹn gan-an ló jẹ́ kí n kọ èyí. Bó ṣe sọ ọ́ lèmi náà ṣe sọ ọ́ kí n tó lọ, ọwọ́ òsì mi kò sì ká dáadáa mọ́ títí dòní.

Gaziantep, ìlú kan ní Tọ́kì, ni mo wà ní ọjọ́ 6 oṣù Kejì ọdún 2023. Aago mẹ́rin ìdájí kọjá ìṣẹ́jú 17, òtútù ń mú, àjà kẹta là ń gbé. Ariwo ló kọ́kọ́ dé, àfi bíi pé tírélà mẹ́wàá ń bọ̀ lábẹ́ ilẹ̀. Lẹ́yìn náà ni ilé bẹ̀rẹ̀ sí í fì. Ó ń gbé wa lọ sọ́tùn-ún, ó ń gbé wa bọ̀ sósì, ilẹ̀kùn ń ṣí, ó ń tì fúnra rẹ̀. Ní Àkúrẹ́, bí wọ́n bá fi ohun abúgbàù fọ́ àpáta, "gbòà!" lẹ́ẹ̀kan, fèrèsé á gbọ̀n, ó tán. Ti ọjọ́ yẹn lé ní ìṣẹ́jú kan. Ẹ jókòó, kẹ́ ẹ ka oókan dé ọgọ́ta, kẹ́ ẹ máa rò ó pé ilé ń fì títí ẹ ó fi kà á tán.

Ẹsẹ̀ mi ti gbéra kí n tó ronú. Nílé, bí ilé bá mì, ìta là ń sá sí. Mo dé orí àtẹ̀gùn, apá kan rẹ̀ já kúrò lára ògiri, mo bá a lọ sílẹ̀. Ọmọ Oǹdó tá a jọ ń gbé kò kúrò nínú yàrá ní tirẹ̀. Ó yí gbiri kúrò lórí bẹ́ẹ̀dì, ó wọ abẹ́ tábìlì ìkàwé, ó di ẹsẹ̀ tábìlì mú, ó fi ọwọ́ kejì bo ọrùn. Kọ́bọ́ọ̀dù wó lórí tábìlì náà. Ọgbẹ́ àtẹ́lẹsẹ̀ nìkan ló ní, torí ó tẹ gíláàsì tó fọ́ nígbà tó ń jáde láìwọ bàtà. Láti ìgbà náà, bàtà mi kì í jìnnà sí bẹ́ẹ̀dì, kódà níbí.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan náà, mo ń bẹ àwọn èèyàn pé kí wọ́n jẹ́ kí n gòkè lọ mú páásípọ́ọ̀tù. Wọ́n kọ̀ jálẹ̀. Ibi tá a ti ń fà á ni ìmìtìtì kejì ti dé, ìwọ̀n agbára rẹ̀ jẹ́ 7.5, ti ìdájí jẹ́ 7.8. Ẹni tó bá ti jáde, kó má padà wọlé o. Ó lé ní 50,000 èèyàn tó kú ní Tọ́kì nìkan.

Ohun tó wà lábẹ́ ilẹ̀ wọn yàtọ̀ sí tiwa. Ojú ilẹ̀ ayé pín sí pẹpẹ àpáta ńláńlá tó ń rìn díẹ̀díẹ̀. Níbẹ̀, ti Arébíà ń ti ti Anatólíà, ojú ibi tí wọ́n ti fara kanra há, agbára á máa kó jọ fún ọ̀pọ̀ ọdún, ọjọ́ tó bá já, ilẹ̀ á yẹ̀. Àpáta tiwa, irú ti Ìdànrè, ti gbó, ó sì jìnnà sí etí pẹpẹ. Kò ní kó má mì rárá: ó mì ní Abẹ́òkúta àti agbègbè rẹ̀ ní oṣù Kẹsàn-án 2009. Àmọ́ èyí tó mi Àkúrẹ́ lóru oṣù Kẹta 2020, tó gbẹ́ kòtò sójú ọ̀nà Ọ̀wọ̀, ìjọba ní ohun abúgbàù tí wọ́n ń kó kọjá ni.

Ní Gaziantep, ilé ọ̀kánkán tiwa wó pátápátá. Àwọn àgbà àdúgbò ní wọ́n ti gé òpó méjì nísàlẹ̀ kí ojú ṣọ́ọ̀bù lè fẹ̀. Torí náà, kí àbúrò mi wo ìsàlẹ̀ ilé kó tó wo yàrá. Kó béèrè ọdún tí wọ́n kọ́ ọ. Òfin ilé kíkọ́ wọn le sí i lẹ́yìn ìmìtìtì ọdún 1999, bó tilẹ̀ jẹ́ pé àwọn ilé tuntun kan náà wó. Ẹ ní kó ya fọ́tò àwọn òpó náà ránṣẹ́ sí mi kó tó sanwó, màá bá a wò ó.