Ṣé Ìrìn Òwúrọ̀ Tó, àbí Kí N Máa Gbé Irin?

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o, Dókítà. Olùkọ́ ni mí ní Ìbàdàn, mo sì ti pé ẹni ọdún 54. Láàárín ọ̀sẹ̀, mo máa ń rìn fún 30 ìṣẹ́jú láràárọ̀ kí n tó lọ sí iléèwé, ẹ̀jẹ̀ mi tó ń ru sì ti ń rọlẹ̀ pẹ̀lú oògùn. Síbẹ̀, bí mo bá jókòó sórí àpótí, àtidìde a máa ni mí lára. Ọmọkùnrin mi tó ń gbé irin ní jíìmù sọ pé ìrìn kì í ṣe eré ìdárayá gidi, bẹ́ẹ̀ òun náà a máa mí hẹlẹhẹlẹ bó bá gun àtẹ̀gùn ilé wa. Ta ló jàre nínú àwa méjèèjì? Bí mo bá sì fẹ́ máa ṣe méjèèjì, ṣé mo lè ṣe wọ́n láàárọ̀ ọjọ́ kan náà?

Ìdáhùn: Ẹ ṣé, Mà. Ẹ jàre dé ìdajì, ọmọ yín náà sì jàre dé ìdajì, nítorí ohun tí a bá ń ní kí ara ṣe léraléra nìkan ni ara máa ń mú ara rẹ̀ gbára dì fún. Ẹ̀yin ti fi ìrìn kọ́ ọkàn yín níṣẹ́, ẹ sì gbàgbé itan; ọmọ yín kọ́ apá àti àyà, ó fi ọkàn sílẹ̀.

Bí ènìyàn bá ń rìn kánmọ́kánmọ́, tàbí tó ń sáré, tó ń gun kẹ̀kẹ́, tó ń lúwẹ̀ẹ́ tàbí tó ń jó fún ọ̀pọ̀ ọ̀sẹ̀, ọkàn rẹ̀ á bẹ̀rẹ̀ sí í tú ẹ̀jẹ̀ tó pọ̀ sí i jáde nígbàkúùgbà tó bá sọ, ìdí nìyẹn tí kì í fi í sọ léraléra mọ́ nígbà tí onítọ̀hún bá jókòó jẹ́ẹ́. Àwọn òpójẹ̀ tín-ín-tìn-ìn-tín inú iṣan ẹsẹ̀ á pọ̀ sí i, iṣan fúnra rẹ̀ á sì túbọ̀ mọ bí a ti ń fi afẹ́fẹ́ ọ́síjìn dáná sun ṣúgà àti ọ̀rá. Ọ̀kan lára àwọn ìwádìí tó kọ́kọ́ la ojú àwọn oníṣègùn sí èyí jáde ní ọdún 1953, nígbà tí Jeremy Morris àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ fi àwọn awakọ̀ bọ́ọ̀sì alájà méjì ìlú London wé àwọn agbowó ọkọ̀ wọn. Awakọ̀ jókòó látàárọ̀ dalẹ́, agbowó ń gun àtẹ̀gùn sókè sódò, àìsàn ọkàn sì ń ṣe awakọ̀ ju agbowó lọ. Mo fẹ́ràn Morris nítorí pé kò fi ibẹ̀ sílẹ̀: ní ọdún 1956, ó tú àkọsílẹ̀ aṣọ iṣẹ́ wọn wò, ó sì rí i pé ìbàdí ṣòkòtò àwọn awakọ̀ ti fẹ̀ ju ti àwọn agbowó lọ, èyí tó fi hàn pé kì í ṣe ìjókòó nìkan ló ya àwọn méjèèjì sọ́tọ̀. Ọ̀pọ̀ ìwádìí tó tẹ̀ lé e ṣe ìṣirò irú ìyàtọ̀ bẹ́ẹ̀, ọ̀rọ̀ náà kò sì yí padà. Nítorí náà, ẹ má fi ìrìn yín sílẹ̀ nítorí ẹnu ọmọdé.

Ṣùgbọ́n àpótí tí ẹ mẹ́nu bà yẹn ni mo fẹ́ kí a gbé yẹ̀ wò dáadáa. Láti bí agbedeméjì ọjọ́ orí ni iṣan ti máa ń dínkù díẹ̀díẹ̀, ìrìn lórí ilẹ̀ tó tẹ́jú kò sì lè dá a dúró, nítorí pé ìwọ̀nba díẹ̀ nínú agbára itan ni irú ìrìn bẹ́ẹ̀ ń lò. Ìdìde láti orí ìjókòó kúkurú ń béèrè púpọ̀ ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ní ọdún 1990, Maria Fiatarone àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ní Boston, nílẹ̀ Amẹ́ríkà, kó arúgbó mẹ́wàá tí ọjọ́ orí wọn wà láàárín 86 sí 96 jọ nínú ilé ìtọ́jú àwọn àgbàlagbà, wọ́n sì ní kí wọ́n máa fi ẹsẹ̀ gbé ẹrù tó wúwo fún ọ̀sẹ̀ 8. Agbára itan àwọn tó parí rẹ̀ fi ìdá 174 nínú ọgọ́rùn-ún lé sí i, ìyẹn ju ìlọ́po méjì àbọ̀ ti tẹ́lẹ̀ lọ. Bí ẹni àádọ́rùn-ún ọdún bá lè ṣe é, ọjọ́ orí yín kò ṣe é fi ṣe àwáwí, Mà. Ẹ má sì wo dígí ní ọ̀sẹ̀ mélòó kan àkọ́kọ́, nítorí pé ọpọlọ ló ń kọ́ bí yóò ti pe iṣan púpọ̀ síṣẹ́ lẹ́ẹ̀kan náà. Ẹ ó lágbára kí iṣan tó tóbi.

Egungun pẹ̀lú ń jẹ nínú èrè yìí, pàápàá lẹ́yìn tí obìnrin kò bá rí nǹkan oṣù mọ́. Ní ti ṣúgà inú ẹ̀jẹ̀, ìwádìí kan tó jáde ní Kánádà ní ọdún 2007 lórí àwọn alátọ̀gbẹ fi hàn pé àwọn tó ṣe irú méjèèjì pọ̀ jàǹfààní ju àwọn tó ṣe ẹyọ kan lọ.

Nítorí ẹ̀jẹ̀ ríru yín, mo gbọ́dọ̀ sọ̀rọ̀ nípa irú kẹta, èyí tí iṣan ń ṣiṣẹ́ tí oríkèé kò mira. Ẹ fẹ̀yìn ti ògiri, kí ẹ rọra sún wálẹ̀ bí ẹni tó fẹ́ jókòó, kí ẹ sì dúró bẹ́ẹ̀. Àkójọ ìwádìí 270 tó jáde nínú ìwé ìròyìn àwọn oníṣègùn eré ìdárayá ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní ọdún 2023 fi hàn pé irú èyí ń mú nọ́ńbà òkè ẹ̀jẹ̀ wálẹ̀ ní bí 8, nígbà tí ìrìn àti eré sísá ń mú un wálẹ̀ ní bí 4 àbọ̀. Èmi kò ní torí ìyẹn ní kí ẹnikẹ́ni pa ìrìn tì, nítorí pé ìfúnpá ẹ̀jẹ̀ nìkan ni iye yìí ń sọ. Kí ẹ bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú ìṣẹ́jú àáyá 20, kí ẹ má sún wálẹ̀ jù nítorí orúnkún, kí ẹ má sì di èémí mú rárá, torí pé dídi èémí mú a máa ta ẹ̀jẹ̀ sókè lójijì.

Àjọ Ìlera Àgbáyé sọ ní ọdún 2020 pé kí àgbàlagbà máa ṣe eré ìdárayá oníwọ̀ntúnwọ̀nsì fún 150 sí 300 ìṣẹ́jú lọ́sẹ̀, kí ó sì máa fún iṣan lágbára ní ọjọ́ méjì ó kéré tán. Ẹ ti ní 150 náà, bí ìrìn yín bá yá débi pé ẹ lè sọ̀rọ̀ ṣùgbọ́n tí ẹ kò lè kọrin. Ẹ fi ọjọ́ Ìṣẹ́gun àti Àbámẹ́ta kún un: ẹ dìde lórí àga lẹ́ẹ̀mẹ́wàá láìfi ọwọ́ tì í, ẹ sinmi, ẹ tún un ṣe. Lẹ́yìn náà, ẹ fi ọwọ́ ti ara yín kúrò lára ògiri, kí ẹ sì máa fa kẹ́ẹ̀gì omi olítà márùn-ún láti ilẹ̀ wá sí ìhà. Bí ìdìde méjì tó gbẹ̀yìn nínú mẹ́wàá kò bá nira, ẹ wá àga tó kúrú sí i. Kí dókítà yín mọ̀ kí ẹ tó bẹ̀rẹ̀, nítorí pé ó lè tún oògùn yín wò bí ẹ̀jẹ̀ bá ń rọlẹ̀ sí i. Ọmọ yín ní tirẹ̀, ọjọ́ méjì tàbí mẹ́ta tí yóò fi sáré tàbí gun kẹ̀kẹ́ ló kù ú kù.

Ní ti ṣíṣe méjèèjì láàárọ̀ kan náà, Robert Hickson fi hàn ní ọdún 1980 pé àwọn tó ń gbé ẹrù wúwo tí wọ́n sì tún ń sáré kò lè mú kí agbára wọn máa pọ̀ sí i títí dé òpin ọ̀sẹ̀ 10. Ṣùgbọ́n iṣẹ́ àṣekára ní ọ̀pọ̀ ọjọ́ lọ́sẹ̀ ni tiwọn, kò sì kan ẹni tó ń rìn fún 30 ìṣẹ́jú. Ẹ lè ṣe é, Mà: ẹ kọ́kọ́ ṣe ti itan nígbà tí ẹsẹ̀ kò tíì rẹ̀ yín, kí ẹ tó rìn jáde, bí àárọ̀ bá sì há nítorí iléèwé, ẹ sún ti itan di ìrọ̀lẹ́.