Ìbéèrè àti ìdáhùn: Ilé tí báǹkì bá wa rà, èló la máa san gan-an, ṣé ó sì tọ́ lẹ́sìn?

ÌBÉÈRÈ: As-salāmu alaykum, Ààfáà wa. Olùkọ́ ni mí, ọkọ mi ń ṣiṣẹ́ ìjọba ní sẹkitéríàtì, Òṣogbo níbí náà la wà. A rí ilé kan lọ́nà Ọ̀fàtẹ̀dó tí wọ́n ń tà ní mílíọ̀nù 20 náírà. Mílíọ̀nù 4 ló wà lọ́wọ́ wa. Báǹkì kan lóun máa yá wa ní mílíọ̀nù 16 tó kù, ká fi ọdún 20 san án, pẹ̀lú èlé ìdá 20 nínú 100 lọ́dún. Wọ́n ní kò ní ju ₦272,000 lọ lóṣù. Ọkọ mi sọ pé èlé yìí kò yàtọ̀ sí owó ilé tí à ń san fún lańlọ́ọ̀dù, pé ó sàn ká máa san án sórí ohun tó máa di tiwa. Ṣé ó tọ́ lẹ́sìn? Èló gan-an ni ilé yìí máa gbà lọ́wọ́ wa? Tí kò bá sì tọ́, kí la lè ṣe?

ÌDÁHÙN: Wa alaykumu s-salām wa rahmatu Llāhi wa barakātuh. Ti owó ni mo máa kọ́kọ́ dáhùn, torí tí ìṣirò bá ti yé yín, ìdájọ́ ẹ̀sìn kò ní ṣòroó gbà. Ẹ mú bírò.

Èlé ìdá 20 lọ́dún lórí mílíọ̀nù 16 jẹ́ mílíọ̀nù 3.2. Ẹ pín in sí oṣù 12, ó di ₦266,667 lóṣù. Owó tí báǹkì ń pè ní ₦272,000 yẹn, ₦271,812 ni tí a bá ṣírò ẹ̀ dáadáa. Lóṣù àkọ́kọ́ tí ẹ bá san án, èlé á gba ₦266,667 tiẹ̀ ná. Ohun tó máa kan gbèsè níbẹ̀ kò ju ₦5,145 lọ. Lóṣù kejì, èlé á dín ní nǹkan bíi ₦86. Bó ṣe máa ń rìn nìyẹn: èlé ló ń kọ́kọ́ jẹun, gbèsè á máa ṣa èérún.

Tí ọdún kan bá pé, ẹ ti san mílíọ̀nù 3.26, ṣùgbọ́n gbèsè kò dín ju nǹkan bíi ₦67,700 lọ. Lẹ́yìn ọdún márùn-ún, ẹ ti san mílíọ̀nù 16.3. Ìyẹn ti ju gbogbo owó tí ẹ yá lọ, síbẹ̀ ẹ ṣì jẹ mílíọ̀nù 15.48. Lẹ́yìn ọdún mẹ́wàá, ẹ ti san mílíọ̀nù 32.6, ó sì ku mílíọ̀nù 14 àti díẹ̀. Inú ọdún kẹtàdínlógún ni gbèsè tó máa wálẹ̀ dé ìdajì. Nígbà tí ẹ bá máa fi parí, mílíọ̀nù 65.2 ti wọ àpò báǹkì lórí mílíọ̀nù 16. Ẹ ro mílíọ̀nù 4 tí ẹ kọ́kọ́ gbé kalẹ̀ mọ́ ọn: ilé mílíọ̀nù 20 ti di mílíọ̀nù 69.2.

Báǹkì kò rẹ́ yín jẹ nínú ìṣirò yìí o. Bí wọ́n ṣe ń ṣe é kárí ayé nìyẹn. Ohun tí wọn kì í sábà sọ létí ẹni ni pé ẹni tó bá fẹ́ tà á, tàbí tó fẹ́ san án tán lẹ́yìn ọdún mẹ́rin márùn-ún, máa bá gbèsè níbi tó fi í sí.

Mi ò tíì ka owó lọ́ọ̀yà, owó ẹni tó máa wá díye lé ilé, àti ìṣọ́ránsì tí báǹkì máa sọ di dandan. Lábẹ́ òfin ilẹ̀ ti 1978, ẹ kò lè fi ilé tó ní ìwé ìjọba dúró fún gbèsè láìjẹ́ pé gómìnà fọwọ́ sí i, owó sì ni ìfọwọ́sí yẹn náà. Gbogbo wọn kò sí nínú mílíọ̀nù 20 tí wọ́n dárúkọ.

Ẹnì kan á sọ pé náírà ń jò, pé ₦271,812 kò ní níyì mọ́ tó bá di ogún ọdún sí i. Òótọ́ ni, ṣùgbọ́n báǹkì náà mọ̀. Ẹ wo ìwé àdéhùn wọn dáadáa, ẹ máa rí i níbì kan pé àwọn lè yí èlé padà bí ọjà owó bá ṣe rí. Láàárín 2022 sí ìparí 2024, èlé tí báǹkì àgbà orílẹ̀-èdè yìí fi ń ṣe òdiwọ̀n kúrò ní ìdá 11.5, ó gòkè dé ìdá 27.5. Tí èlé yín bá fi lè gòkè láti 20 sí 24, ₦322,800 tàbí jù bẹ́ẹ̀ lẹ máa máa san lóṣù, owó oṣù ìjọba kò sì ní torí ẹ̀ gòkè. Ẹ tún bi ara yín pé ọdún mélòó ló kù kí bàbá àwọn ọmọ fẹ̀yìn tì. Tí ikú bá sì dé, gbèsè ṣáájú ogún, bó ṣe wà nínú Súúrà An-Nisāi, āyà 11 àti 12. Ìdí ogún àwọn ọmọ ni báǹkì máa jókòó sí.

Ó wá ku ìdájọ́. Owó tí wọ́n yá ènìyàn, tí wọ́n sì fi àlékún sí i gẹ́gẹ́ bí àdéhùn, ríbà ni, ìbáà jẹ́ ilé ni wọ́n fi rà, ìbáà jẹ́ ìrẹsì. Al-Baqarah, āyà 275, sọ pé Ọlọ́hun ṣe òwò ní ẹ̀tọ́, Ó sì ṣe ríbà ní èèwọ̀; āyà 278 àti 279 tún pe ẹni tó kọ̀ láti fi í sílẹ̀ wá sí ojú ogun Ọlọ́hun àti Òjíṣẹ́ Rẹ̀. Nínú hàdíìsì Jābir tí Muslim gbà wá, Ànábì (kí ìkẹ́ àti ọlà Ọlọ́hun máa bá a) ṣẹ́bi lé ẹni tó ń jẹ ríbà, ẹni tó ń san án, akọ̀wé rẹ̀ àti ẹlẹ́rìí méjèèjì, ó ní ọ̀kan náà ni wọ́n. Nítorí náà, “èmi kọ́ ni mò ń gbà á, sísan ni mò ń san” kò yọ ènìyàn. Ìgbìmọ̀ àwọn onímọ̀ fiqh (òfin ẹ̀sìn) ti àjọ àwọn orílẹ̀-èdè Mùsùlùmí, tó fìdí kalẹ̀ sí Jeddah, fẹnu kò ní 1985 pé ríbà ni èlé báǹkì.

Ní ti ọ̀rọ̀ ọkọ yín, ẹ bá mi bi í léèrè: tí ìjì bá ṣí òrùlé ilé tí ẹ ń gbé báyìí, ta ló máa kàn án? Lańlọ́ọ̀dù ni. Tí ilé náà bá wó, owó ilé dópin lọ́jọ́ náà. Ṣùgbọ́n tí ilé tí ẹ fi owó èlé rà bá jóná lọ́la, gbèsè ṣì wà níbẹ̀ pẹ̀lú èlé rẹ̀. Hàdíìsì tí Abu Dāwūd àti Tirmidhī gbà wá láti ọ̀dọ̀ Āisha sọ pé èrè wà fún ẹni tí àdánù wà lọ́rùn rẹ̀. Lańlọ́ọ̀dù ń gba owó lórí ohun tó jẹ́ tirẹ̀, tí ewu rẹ̀ wà lọ́rùn rẹ̀. Ayánilówó ń gba owó lórí àkókò lásán.

Àwọn kan máa ń mú fátíwà ìgbìmọ̀ onímọ̀ ti ilẹ̀ Yúróòpù ti 1999 wá, èyí tó gba àwọn Mùsùlùmí ibẹ̀ láàyè láti fi owó èlé ra ilé tí wọ́n máa gbé nítorí ìnira. Ọ̀pọ̀ onímọ̀ kò gbà á fún àwọn ará ibẹ̀ pàápàá. Ní Òṣogbo, níbi tí ènìyàn ti lè rí ilé háyà ní Òkè-Baálẹ̀ tàbí níbòmíì, mi ò rí ìnira tó sọ ọ́ di dandan.

Owó tí ìjọba àpapọ̀ fi ń yá òṣìṣẹ́ ra ilé (National Housing Fund) ńkọ́, tí wọ́n ń torí ẹ̀ yọ ìdá 2.5 nínú owó oṣù láti ìgbà òfin 1992? Èlé ìdá 6 ni wọ́n ti fi ń yá ènìyàn láti ọjọ́ pípẹ́. Lórí mílíọ̀nù 16 fún ọdún 20, ìyẹn jẹ́ nǹkan bíi ₦114,600 lóṣù, mílíọ̀nù 27.5 lápapọ̀. Ó rọjú ju ti báǹkì yín lọ fíìfíì, ṣùgbọ́n ríbà kékeré, ríbà ni. Yíyọ tí wọ́n ń yọ owó yín kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀ yín. Tí wọ́n bá dá a padà nígbà ìfẹ̀yìntì, ẹ mú ojú owó yín, ẹ kó àlékún rẹ̀ fún aláìní láìretí láádá rẹ̀.

Ohun tó ṣeé ṣe pọ̀. Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun wa yìí ló kọ́kọ́ gbé sùkúùkù (ìwé ìdókòwò tí kò ní èlé) jáde ní Nàìjíríà, ní 2013, bílíọ̀nù 10 náírà, tí wọ́n fi kọ́ ilé ẹ̀kọ́. Nítorí náà kí ẹnikẹ́ni má sọ pé owó ńlá kò ṣeé rí láìsí èlé. Báǹkì tí kì í gba èlé náà wà: Jaiz bẹ̀rẹ̀ ní 2012, TAJBank ní 2019, Lotus ní 2021. Mùrábáhà ni ẹ máa kọ́kọ́ gbọ́ lẹ́nu wọn. Báǹkì á ra ilé náà lọ́wọ́ onílé, á tún un tà fún yín pẹ̀lú èrè tó hàn kedere, ẹ̀yin á máa san án díẹ̀díẹ̀. Iye yẹn kò gbọdọ̀ pọ̀ sí i mọ́ láéláé, bí ẹ tilẹ̀ pẹ́ẹ́ san.

Ibi tó ti máa ń bàjẹ́ nìyí. Báǹkì á sanwó sínú àkáǹtì yín pé kí ẹ lọ ra ilé fúnra yín, láìsí ìwé kankan tó fi hàn pé báǹkì fìgbà kan ni ilé náà. Owó ni wọ́n yá yín nìyẹn, orúkọ nìkan ni wọ́n yí padà. Tàbí kí ẹ fọwọ́ sí ìwé rírà lọ́wọ́ báǹkì kí báǹkì tó ra ilé náà lọ́wọ́ onílé. Ànábì sì sọ fún Hakīm ọmọ Hizām pé kó má ta ohun tí kò sí lọ́wọ́ rẹ̀. Ẹ wo ọjọ́ tó wà lórí ìwé méjèèjì. Ẹ tún má lọ san owó ilé tán fún onílé kí ẹ tó lọ bá báǹkì, torí ẹ kò lè tún ra ohun tó ti di tiyín. Ní ti owó ìtanràn fún ẹni tó pẹ́ san, àánú ló yẹ kó bọ́ sí, kò gbọdọ̀ wọ àpò báǹkì. Ẹ má rò pé ó máa pọ́ọ́kú o, mùrábáhà ọlọ́dún gígùn lè wọ́n gan-an. Ẹ ṣírò iye àpapọ̀ rẹ̀ bí a ṣe ṣírò ti èlé, kí ẹ sì wò ó bóyá agbára yín ká a.

Èyí tí mo fẹ́ràn jù ni àjọní tó ń dín kù, mushārakah mutanāqisah. Ẹ jọ ra ilé náà: mílíọ̀nù 4 tiyín jẹ́ ìpín 4, mílíọ̀nù 16 tiwọn jẹ́ ìpín 16. Ẹ̀yin lẹ ń gbé inú ẹ̀, nítorí náà ẹ máa san owó ilé lórí ìpín tiwọn, ẹ ó sì máa ra ìpín wọn díẹ̀díẹ̀. Ká ní gbogbo ilé náà jẹ́ mílíọ̀nù kan lọ́dún tí wọ́n bá fi háyà, tí ẹ sì ń ra ìpín méjì lópin ọdún kọ̀ọ̀kan. Ọdún kìíní, ìpín 16 nínú 20 jẹ́ ₦800,000 owó ilé. Ọdún kejì, ₦700,000. Ó ń já wálẹ̀ bẹ́ẹ̀ títí di ₦100,000 lọ́dún kẹjọ. Gbogbo owó ilé yẹn jẹ́ mílíọ̀nù 3.6, ilé sì di tiyín ní mílíọ̀nù 23.6. Báǹkì lè béèrè owó ilé tó ju èyí lọ. Ẹ lè bá ẹ̀gbọ́n tàbí àbúrò tó lówó lọ́wọ́ ṣe é, tàbí ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù àwọn Mùsùlùmí tí kì í gba èlé. Àtúnṣe ńlá bí ògiri àti òrùlé, gbogbo yín lẹ jọ máa san án ní ìwọ̀n ìpín yín. Àwọn onímọ̀ kan kò fẹ́ kí wọ́n dè é mọ́lẹ̀ láti ọjọ́ kìíní pé iye kan náà ni ìpín kọ̀ọ̀kan máa jẹ́. Kí ẹ máa dúnàádúrà rẹ̀ lọ́jọ́ tí ẹ bá ń rà á ló mọ́ jù. Kí gbogbo rẹ̀ wà nínú ìwé pẹ̀lú ẹlẹ́rìí, àṣẹ Al-Baqarah 282 nìyẹn, bó tilẹ̀ jẹ́ ọmọ ìyá yín.

Tí èyí kò bá bọ́ sí i, mílíọ̀nù 4 lè ra pulọ́ọ̀tì kan níbi tí ìlú ṣì ń na ọwọ́ dé, kí ẹ wọn ilẹ̀, kí ẹ mọ ìpìlẹ̀, kí ẹ kọ yàrá méjì ná. Ọ̀nà tí ọ̀pọ̀ ará Òṣogbo gbà ní ilé nìyí.

Fún àwọn tó ti wà nínú irú gbèsè bẹ́ẹ̀ tó ń ka èyí: ẹ ronú pìwà dà, ẹ má yá òmíràn, kí ẹ sì wá bí ẹ ṣe máa yára jáde. Lórí gbèsè tí a ṣírò sókè yìí, ẹni tó bá ń fi ₦50,000 kún un lóṣooṣù láti ìbẹ̀rẹ̀ máa parí láàárín ọdún mẹ́sàn-án dípò 20. Nǹkan bíi mílíọ̀nù 34.3 ló máa san dípò 65.2. Ẹ kọ́kọ́ bèèrè bóyá wọ́n ń gba ìtanràn lọ́wọ́ ẹni tó bá tètè san, kí ẹ wá kọ lẹ́tà sí báǹkì pé kí wọ́n yọ àfikún náà kúrò lára ojú owó, kí wọ́n má tọ́jú rẹ̀ de oṣù tó ń bọ̀. Tí ẹ kò bá kọ ọ́ báyìí, ọ̀pọ̀ ìgbà ni wọ́n máa fi í sílẹ̀ nínú àkáǹtì, gbèsè á sì dúró bó ṣe wà. Ẹ gba ìwé iye tó kù lẹ́yìn oṣù mẹ́ta, kí ẹ wò ó bóyá wọ́n ṣe é.

Wallāhu a‘lam.